Óòtì Yíyan Pẹ̀lú Èso àti Ẹ̀pà: Bí A Ṣe Ń Ṣe É fún Oúnjẹ Àárọ̀ Ẹbí ní Ilé-Ifẹ̀

Ní ọ̀pọ̀ ilé ní Ilé-Ifẹ̀, bí wọ́n bá ní óòtì ni àwọn máa jẹ láàárọ̀, wọ́n á rò ó pẹ̀lú omi lórí iná, wọ́n á da mílíìkì sí i, wọ́n á sì bù ú sínú abọ́ fún oníkálukú. Oúnjẹ tó dára ni, ṣùgbọ́n ẹni tó bá pẹ́ kó tó jókòó sídìí rẹ̀ yóò bá a tó ti dì mọ́ abọ́, àwọn ọmọdé kan kò sì fẹ́ràn bó ṣe ń yọ̀ lẹ́nu. Óòtì yíyan bọ́ lọ́wọ́ ìṣòro méjèèjì. Inú páànù kan ṣoṣo ni gbogbo rẹ̀ ti ń jinná pọ̀ pẹ̀lú ẹyin, mílíìkì, èso àti ẹ̀pà. Ó ṣeé fi ọ̀bẹ gé, ó ṣeé jẹ ní gbígbóná tàbí lẹ́yìn tó bá ti tutù, ó sì ṣeé dì fún ọmọ tó ń lọ sí ilé-ìwé.

Ohun tí mo fẹ́ kí ẹni tó bá fẹ́ ṣe é mọ̀ ṣáájú ohun gbogbo ni pé orí omi ni iṣẹ́ náà dúró lé. Óòtì gbígbẹ yóò mu gbogbo omi tó bá rí, ìwọ̀n omi tó bá sì rí ni yóò sọ bóyá ohun tí a máa gbé jáde yóò gbẹ tí yóò máa fọ́ sílẹ̀, tàbí yóò rọ̀ tí yóò sì di ara rẹ̀ mú, tàbí kí ó jẹ́ pé ṣíbí ni a máa fi bù ú. Omi ọ̀hún kì í sì í ṣe ti mílíìkì nìkan. Ó wà nínú ẹyin, ó wà nínú oyin, ó sì wà nínú èso, níbi tí ọ̀pọ̀ ènìyàn kì í ti kà á kún nǹkan kan. Púpọ̀ nínú àwọn ìtọ́sọ́nà tí wọ́n kọ ní ilẹ̀ òkèèrè, ápù ni wọ́n fi ṣe ìṣirò tiwọn, ápù kì í sì í tètè tú omi rẹ̀ sílẹ̀. Ọ̀pẹ̀ òyìnbó tiwa kò rí bẹ́ẹ̀, torí bí ọ̀bẹ bá ti kàn án ni omi rẹ̀ ti ń ṣàn. Ẹni tó bá lo ìwọ̀n ti ọ̀hún pẹ̀lú èso ti ìhín, tí kò sì dín mílíìkì kù, yóò rò pé iná ni kò jó dáadáa, bẹ́ẹ̀ iná kọ́ ló jẹ̀bi.

Óòtì tí a máa rà àti ìwọ̀n tí a máa lò

Ilẹ̀ tó tutù ni óòtì ti ń ṣe dáadáa, irú bíi Kánádà, Rọ́ṣíà àti Scotland, nítorí náà èyí tí a ń rà ní Ifẹ̀ ti kọjá lábẹ́ ẹ̀rọ kí ó tó dé ọ̀dọ̀ wa. Ní ilé-iṣẹ́, wọ́n máa ń fi ooru omi sè é díẹ̀ kí ọ̀rá inú rẹ̀ má baà tètè bàjẹ́, lẹ́yìn náà ni wọ́n á fi irin tẹ̀ ẹ́ pẹlẹbẹ. Èyí tí wọ́n tẹ̀ ní odidi ló máa ń fẹ̀ tó sì máa ń nípọn. Èyí tí wọ́n kọ́kọ́ gé kí wọ́n tó tẹ̀ ẹ́ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ ni ó ń yára jinná, òun ló sì wọ́pọ̀ jù nínú agolo àti nínú àpò tí wọ́n ń tà ní àwọn ilé ìtajà wa. Àwọn méjèèjì ló ṣeé yan. Èyí tó nípọn ni mo fẹ́ràn jù, nítorí pé eyín á ṣì bá nǹkan pàdé nínú rẹ̀ lẹ́yìn tó bá jinná tán, ṣùgbọ́n èyí tó ń yára jinná kò ní kí oúnjẹ náà má dùn, bí a bá ti mọ̀ pé ìwọ̀n mílíìkì àti àkókò tirẹ̀ yàtọ̀. Ẹ má ṣe lo èyí tí wọ́n ti lọ̀ kúnná tí wọ́n sì ti po ṣúgà àti adùn mọ́, ẹ má sì ṣe lo èyí tí wọ́n kàn gé wẹ́wẹ́ láìtẹ̀, nítorí pé yóò ṣì le nígbà tí ẹyin àti mílíìkì bá ti jinná.

Nǹkan kan wà nínú óòtì tí wọ́n ń pè ní beta-glucan, ọ̀kan nínú irú fáíbà tó máa ń yòrò sínú omi. Òun ló ń fa omi mọ́ra tí óòtì fi máa ń yọ̀, òun kan náà ló sì ń ran ara lọ́wọ́ láti dín kọlẹ́sítẹ́rọ́ọ̀lù inú ẹ̀jẹ̀ kù. Ní 1997, FDA, àjọ tó ń bójú tó oúnjẹ àti oògùn ní Amẹ́ríkà, gba àwọn tó ń ta óòtì láàyè láti kọ ọ́ sára páálí wọn pé gíráàmù 3 beta-glucan lójúmọ́, nínú oúnjẹ tí ọ̀rá rẹ̀ mọ níwọ̀n, lè dín ewu àrùn ọkàn kù. Ìpín ẹnì kan nínú páànù tí mo fẹ́ ṣàlàyé yìí yóò fún un ní bí ìdajì rẹ̀ tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ díẹ̀.

Fún ẹbí ẹni mẹ́fà, ife óòtì 3 ni ẹ máa nílò. Ife tí mò ń sọ ni èyí tó gba mílílítà 240, ife 3 óòtì yóò sì wọn nǹkan bíi gíráàmù 270. Bí ẹ kò bá ní ife ìdíwọ̀n, ẹ mú ife kan tí ẹ mọ̀ pé ó sún mọ́ ọn, kí ẹ sì lo òun nìkan fún ohun gbogbo, nítorí pé bí óòtì àti mílíìkì ṣe tó síra wọn ṣe pàtàkì ju bí ife ṣe tóbi tó lọ. Óòtì tó nípọn á gba mílílítà 700 mílíìkì, èyí tó ń yára jinná á gba mílílítà 600. Lẹ́yìn ìyẹn, ẹyin 2, ọ̀gẹ̀dẹ̀ wẹ́wẹ́ 3 tó pọ́n dáadáa, ife èso mìíràn 1, ife ẹ̀pà tàbí kajú 1, òróró tàbí bọ́tà yíyọ́ tó kún ṣíbí ìjẹun 3, béékìǹ páúdà ṣíbí ìpo-tíì 1 àti ààbọ̀, iyọ̀ ààbọ̀ ṣíbí ìpo-tíì, àti oyin tàbí ṣúgà ìdá mẹ́rin ife. Atalẹ̀ tútù tí a rin, bíi ṣíbí ìpo-tíì 1, ń ta oúnjẹ yìí jí gan-an ni, kò sì wọ́n lọ́jà. Ẹni tó bá ní sínámónì nílé lè fi ìwọ̀n kan náà sí i.

Ẹyin ló máa di gbogbo rẹ̀ pọ̀ tí a óò fi lè gé e, béékìǹ páúdà ló máa jẹ́ kí ó fúyẹ́. Ẹ má ṣe rò pé iyọ̀ kò pọn dandan nítorí pé oúnjẹ dídùn ni, torí óòtì tí kò ní iyọ̀ máa ń tẹ́ lẹ́nu bó ti wù kí oyin rẹ̀ pọ̀ tó. Ní ti òróró, ẹ lo èyí tí kò ní òórùn, tàbí epo àgbọn. Epo pupa yóò bo adùn èso mọ́lẹ̀.

Mílíìkì olómi inú agolo ti ki jù láti lò bẹ́ẹ̀. Ẹ da agolo kékeré kan sínú ohun ìdíwọ̀n, kí ẹ fi omi kún un títí yóò fi dé ìwọ̀n tí ẹ nílò. Bó bá jẹ́ mílíìkì ẹlẹ́bú, gíráàmù 75 yóò tó fún mílílítà 600 omi. Àwọn tí mílíìkì kì í bá lára mu lè rin àgbọn odidi kan, kí wọ́n fi omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ fún un, kí wọ́n sẹ́ ẹ, kí wọ́n sì lo omi àgbọn tí wọ́n fún yìí ní ìwọ̀n kan náà. Ó dùn tó bẹ́ẹ̀ tí mo mọ àwọn ilé tí wọn kò padà sí ti agolo mọ́.

Èso wa àti omi inú wọn

Ọ̀gẹ̀dẹ̀ wẹ́wẹ́ ni ìpìlẹ̀, ó sì wà ní ọjà jálẹ̀ ọdún. Àwọn tó ń kó o wá láti abúlé oko yí Ifẹ̀ ká máa ń tà á ní Odò-Ògbè, ẹ sì lè rí èyí tí èèpo rẹ̀ ti ń ní àmì dúdúdúdú ní owó pọ́ọ́kú, nítorí pé àwọn oníbàárà mìíràn kì í fẹ́ ẹ. Ẹ rà á. Bí ọ̀gẹ̀dẹ̀ bá ṣe ń pọ́n sí i ni sítáàṣì inú rẹ̀ ń di ṣúgà, tó jẹ́ pé bí ẹ bá lo 3 tó pọ́n dé ojú àmì, ẹ lè dín oyin kù sí ìdajì, tàbí kí ẹ má fi sí i rárá bí ẹnì kan nílé bá ń ṣọ́ ara rẹ̀ nítorí ìtọ̀ ṣúgà. Omi inú ọ̀gẹ̀dẹ̀ kì í ṣàn, mo sì ti kà á mọ́ ìwọ̀n mílíìkì tí mo sọ lókè.

Èso kejì ló ń fẹ́ ìrònú. Máńgòrò, nígbà tí àsìkò rẹ̀ bá dé láti nǹkan bí oṣù kẹta títí wọ inú òjò, dára gan-an bó bá ṣì le díẹ̀. Bó bá ti rọ̀ jù, ẹ dín mílíìkì kù ní mílílítà 60, ìyẹn ìdá mẹ́rin ife. Ọ̀pẹ̀ òyìnbó náà ń fẹ́ irú ìdínkù yìí, ó sì tún ní ọ̀rọ̀ mìíràn lára. Èròjà kan wà nínú rẹ̀ tí ń jẹ́ bromelain, irú rẹ̀ sì wà nínú ìbẹ́pẹ tí wọ́n ń pè ní papain. Iṣẹ́ àwọn méjèèjì ni láti máa tú purotéènì palẹ̀. Bí ẹ bá gé ọ̀pẹ̀ òyìnbó tútù sínú mílíìkì, tí ẹ sì fi í sílẹ̀, mílíìkì náà yóò bẹ̀rẹ̀ sí í korò, kì í sì í ṣe pé ó ti bàjẹ́ láti ọjà. Ooru ló ń pa agbára èròjà yìí. Nítorí náà, ẹ gé ọ̀pẹ̀ òyìnbó wẹ́wẹ́, ẹ gbé e ka iná nínú ìkòkò kékeré láìfi omi sí i, kí ó hó fún ìṣẹ́jú 5, kí omi ara rẹ̀ sì fà díẹ̀. Lẹ́yìn tó bá tutù ni kí ẹ tó lò ó. Ẹni tó bá ṣe é báyìí kò nílò láti dín mílíìkì kù mọ́, nítorí pé iná ti gba omi tó kù náà lọ. Ìbẹ́pẹ kò wù mí nínú oúnjẹ yìí. Ooru máa ń sọ ọ́ di rírọ̀ láìní adùn kan pàtó, ó sàn kí a gé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ abọ́ ní tútù.

Agbálùmọ̀ náà, bí gbogbo wa ti fẹ́ràn rẹ̀ tó lásìkò ọyẹ́, kò bá yíyan mu nítorí kíkan rẹ̀ àti oje rẹ̀ tó ń lẹ̀ mọ́ ètè. Ẹ jẹ ẹ́ lẹ́yìn oúnjẹ. Ṣùgbọ́n dàbínù tí àwọn oníṣòwò Hausa ń tà ní Sábó jẹ́ ohun tí mo gbà yín nímọ̀ràn láti máa fi pamọ́ sílé. Ó gbẹ, kò mú omi wá, ńṣe ló ń mu omi, ó sì dùn tó bẹ́ẹ̀ tí ẹ̀kún ọwọ́ kan, tí a bá ti yọ kóró rẹ̀ tí a sì gé e, lè gba ipò oyin pátápátá. Bí ẹ bá lò ó tó ife 1, ẹ fi omi tàbí mílíìkì ṣíbí ìjẹun 2 sí i.

Ẹ̀pà, kajú àti àsálà

Ẹ̀pà yíyan tí a ti fẹ́ èèpo rẹ̀ kúrò ni ó rọrùn jù láti rí. Èyí tí a yan pẹ̀lú iyọ̀ kò burú, bí ẹ bá ti dín iyọ̀ inú óòtì kù. Ẹ gún un nínú odó kékeré títí yóò fi là sí méjì sí mẹ́rin, kì í ṣe kí ó kúnná. Kí ẹ tó gún un rárá, ẹ tẹ́ ẹ sórí àwo kí ẹ sì ṣà á. Ẹ̀pà tó ti bu, tó hunjọ, tó ní àwọ̀ àjèjì tàbí tó korò lè ní májèlé tí wọ́n ń pè ní aflatoxin, yíyan nínú ilé kò sì lè mú un kúrò. Ẹ kó irú rẹ̀ dànù láìsí àánú, pàápàá ní àsìkò òjò tí ẹ̀pà máa ń gba ọ̀rinrin nínú àpò.

Kajú náà dára, àmọ́ èyí tí wọ́n ti pa tí wọ́n sì ti yan ni kí ẹ rà. Epo tó wà nínú èèpo kajú tútù máa ń bó ọwọ́ àti ẹnu, kì í ṣe ohun tí a ń dáwọ́ lé nínú ilé ìdáná. Ní ti àsálà, tí ó máa ń pọ̀ lójú títì wa lásìkò òjò, ẹ sè é, ẹ fọ́ ọ, ẹ gé e, kí ẹ sì pò ó mọ́ inú óòtì dípò kí ẹ wọ́n ọn sójú, torí pé bó bá wà lójú yóò gbẹ. Ọjọ́ tí a bá sè é ni kí a lò ó. Ìkorò díẹ̀ tó máa ń fi sílẹ̀ lẹ́nu, paapaa bí a bá mu omi lé e, kì í ṣe gbogbo ọmọ ló ń gbà á, nítorí náà èmi á fi í sínú ti àwọn àgbàlagbà. Àgbọn tí a rin náà lè wà lójú rẹ̀, ó máa ń pọ́n dáadáa.

Ọ̀rọ̀ ọmọdé kò ṣeé fi ṣeré níbí yìí. Ọmọ tí kò tí ì pé ọdún 5 kò gbọ́dọ̀ jẹ ẹ̀pà tàbí kajú tó wà lódidi tàbí tó là gbàǹgbà, kí ó má baà há a lọ́fun. Ẹ lọ̀ ọ́ kúnná fún apá páànù tirẹ̀. Ọmọ tí kò tí ì pé ọdún 1 kò gbọ́dọ̀ fẹnu kan oyin rárá, kódà bí a bá ti sè é. Bí ẹ̀pà kì í bá bá ara ẹnikẹ́ni nílé mu, ẹ lo àgbọn nìkan, kí ẹ má sì lo odó tí ẹ fi gún ẹ̀pà láìfọ̀ ọ́ dáadáa.

Iṣẹ́ alẹ́

Iṣẹ́ àárọ̀ kì í pọ̀ bí a bá ti ṣe tálẹ́. Dókítà ará Switzerland kan, Maximilian Bircher-Benner, ni ó sọ rírẹ óòtì mọ́jú di ohun tí ayé mọ̀ ní nǹkan bí 1900. Ó máa ń rẹ ẹ́ sínú omi, kí ó tó rin ápù sí i kí ó sì fi àwọn èso eléèpo líle bíi àmọ́ńdì bù ú lójú, láìgbé e ka iná rárá. Èyí fi hàn pé omi nìkan tó láti mú óòtì rọ̀, bí a bá fún un láyè. Ẹni tí fíríìjì rẹ̀ ń ṣiṣẹ́ mọ́jú lè da mílíìkì, iyọ̀, atalẹ̀ àti óòtì tó nípọn pọ̀ lálẹ́, kí ó bò ó, kí ó sì gbé e sínú rẹ̀. Kí ó má fi ẹyin sí i, kí ó má sì fi béékìǹ páúdà sí i, torí pé béékìǹ páúdà máa ń bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ nígbà tí omi bá ti kàn án, kò ní fi bẹ́ẹ̀ ní agbára mọ́ nígbà tí ilẹ̀ bá mọ́.

Ṣùgbọ́n ẹ̀yin náà mọ̀ bí iná ìjọba ṣe rí. Mílíìkì tó bá sùn nínú ooru ilé kò ṣeé fún ọmọ jẹ. Ọ̀nà tí mo fẹ́ràn jù nítorí èyí ni pé kí a da óòtì gbígbẹ, mílíìkì ẹlẹ́bú, béékìǹ páúdà, iyọ̀ àti ẹ̀pà gígún pọ̀ sínú abọ́ kan tó ní ọmọrí lálẹ́. Gbogbo wọn gbẹ, kò sí ohun tí yóò bàjẹ́. Ní àárọ̀, ìwọ̀n omi tí mílíìkì ì bá jẹ́ nìkan ni a máa dà sí i, pẹ̀lú ẹyin, ọ̀gẹ̀dẹ̀ àti òróró. Ẹ lè ṣe irú abọ́ yìí mẹ́ta tàbí mẹ́rin pọ̀ lópin ọ̀sẹ̀.

Bí a ṣe ń pò ó láàárọ̀

Ẹ tan ààrò (ìyẹn oven), tàbí kí ẹ gbé ìkòkò oníyanrìn tí mo máa ṣàlàyé nísàlẹ̀ ka iná, kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀ ohunkóhun. Páànù tí ó gùn tó sẹ̀ǹtímítà 23 ní gígùn àti ní ìbú ló bá ìwọ̀n yìí mu. Páànù kéèkì roboto tí fífẹ̀ rẹ̀ jẹ́ sẹ̀ǹtímítà 25 náà yóò gbà á. Ohun tó ṣe pàtàkì ni pé kí óòtì inú rẹ̀ má ga ju sẹ̀ǹtímítà 4 lọ, torí bó bá ga jù, etí rẹ̀ á gbẹ kí àárín tó jinná. Ẹ fi bọ́tà pa inú rẹ̀ dé igun.

Ẹ fi fọ́ọ̀kì tẹ ọ̀gẹ̀dẹ̀ nínú abọ́ ńlá títí yóò fi rọ̀, kí kókó kéékèèké ṣì kù nínú rẹ̀. Ẹ fọ́ ẹyin kọ̀ọ̀kan sínú ife ọ̀tọ̀ kí ẹ tó dà á mọ́ ọn, kí ẹyin kan tó ti bàjẹ́ má baà ba gbogbo abọ́ jẹ́. Ẹ lù ú pọ̀, ẹ da òróró, oyin àti atalẹ̀ sí i, lẹ́yìn náà mílíìkì tàbí omi. Nígbà tí gbogbo èyí bá ti dọ́gba, ẹ da óòtì àti àwọn ohun gbígbẹ yòókù sí i, ẹ rò ó títí kò fi ní sí ibi gbígbẹ kankan nísàlẹ̀, kí ẹ wá fi èso kejì sí i. Ẹ dá díẹ̀ nínú ẹ̀pà àti èso náà sí fún ojú rẹ̀.

Ẹ dà á sínú páànù, kí ẹ sì fi í sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú 15. Ìsinmi yìí ni àwọn ènìyàn máa ń fò, òun sì ni ó yẹ kí wọ́n dúró tì jù lọ. Bí ẹ bá yan án ní kété tí ẹ pò ó, óòtì yóò rì sísàlẹ̀, mílíìkì àti ẹyin yóò sì wà lókè bí omi lásán. Bí ó bá ti sinmi, óòtì á ti mu omi, á sì wà káàkiri. Lẹ́yìn ìṣẹ́jú 15 yìí, ẹ fi ẹ̀yìn ṣíbí tẹ ojú rẹ̀. Ó yẹ kí ó ki bí ẹ̀kọ mímu tí a kò tí ì da omi là, kí mílíìkì díẹ̀ sì sun jáde lẹ́gbẹ̀ẹ́ ṣíbí. Bí kò bá sí mílíìkì kankan tó sun, ẹ fi ṣíbí ìjẹun 3 tàbí 4 kún un. Bí ṣíbí bá rì, tí ojú rẹ̀ sì ń mì, ẹ fi óòtì ẹ̀kún ọwọ́ kan sí i, kí ẹ sì tún dúró díẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ bá mọ àyẹ̀wò yìí kò nílò ìwé fún èso tuntun mọ́, nítorí pé ojú páànù ni yóò máa sọ fún yín bí omi inú èso náà ti tó. Ìgbà yìí ni kí ẹ wọ́n ẹ̀pà àti èso tí ẹ dá sí sójú rẹ̀.

Yíyan rẹ̀ nínú ààrò

Ẹ fi ààrò sí ìwọ̀n ooru 180 lórí òdiwọ̀n Celsius. Bó bá jẹ́ ààrò gáàsì tó ń lo nọ́ńbà, nọ́ńbà 4 ni. Ẹ gbé páànù sí àárín rẹ̀. Óòtì tó nípọn máa ń gba ìṣẹ́jú 40 sí 45, èyí tó ń yára jinná máa ń gba 30 sí 35. Bí ẹ̀pà ojú rẹ̀ bá fẹ́ tètè dúdú, ẹ fi fóìlì bò ó láìdì í mọ́ etí páànù.

Yíyan rẹ̀ nínú ìkòkò oníyanrìn

Ọ̀pọ̀ ilé kò ní ààrò, ìyẹn kò sì yẹ kó dí ẹnikẹ́ni lọ́wọ́. Àwọn tó ń ṣe kéèkì nílé ti mọ ọ̀nà ìkòkò oníyanrìn tipẹ́, óòtì yíyan sì rọrùn ju kéèkì lọ nínú rẹ̀, nítorí pé kò ní wó lulẹ̀ bí ẹ bá ṣí ọmọrí wò ó. Ẹ wá ìkòkò ńlá tó nípọn nísàlẹ̀, tí páànù yín lè wọ̀ tí àyè ìka méjì yóò sì wà yí i ká. Nítorí pé ìkòkò roboto ni ó pọ̀ jù, páànù roboto ni yóò bá a mu. Ẹ má ṣe lo ìkòkò tí wọ́n fi ohun tí kì í jẹ́ kí oúnjẹ lẹ̀ pa inú rẹ̀, nítorí pé gbígbóná láìsí omi yóò bà á jẹ́, ẹ má sì lo ìkòkò tí ó ní rọ́bà lára ọmọrí. Ìsàlẹ̀ ìkòkò náà yóò dúdú bó bá yá, nítorí náà ó dára kí ìkòkò kan wà tó jẹ́ pé iṣẹ́ yìí nìkan ni tirẹ̀.

Ẹ fọ yanrìn dáadáa, ẹ sá a kí ó gbẹ pátápátá, ẹ jọ̀ ọ́, kí ẹ sì dà á sínú ìkòkò kí ó ga tó sẹ̀ǹtímítà 3. Yanrìn tó ṣì ní ọ̀rinrin yóò máa tú èéfín omi sórí óòtì. Ẹ to òkúta kéékèèké mẹ́ta tó dọ́gba sórí rẹ̀, tàbí kí ẹ gbé òrùka irin kan lé e, kí páànù má baà fara kan yanrìn. Ẹ dé e, kí ẹ sì fi iná tó mọ níwọ̀n gbóná rẹ̀ fún ìṣẹ́jú 15. Ẹ fi aṣọ tó nípọn gbé páànù sọ̀kalẹ̀ sínú rẹ̀, ẹ dé e padà, ẹ gbé òkúta lé ọmọrí bí kò bá dé dáadáa, kí ẹ sì dín iná kù. Ìgbàgbọ́ pé iná ńlá á mú un yá ló ń jó ìsàlẹ̀ rẹ̀. Ẹ fún óòtì tó nípọn ní ìṣẹ́jú 50 sí 60, èyí tó ń yára jinná ní 40 sí 45, nítorí pé ooru inú ìkòkò kì í dọ́gba tó ti ààrò.

Èéfín omi yóò máa rọ́ mọ́ inú ọmọrí, yóò sì máa kán sórí oúnjẹ. Nígbà tó bá ku ìṣẹ́jú 15, ẹ ṣí ọmọrí, ẹ nù ún gbẹ, kí ẹ sì dé e padà kí ó ku àlàfo díẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Bẹ́ẹ̀ náà ni ojú rẹ̀ kò ní pọ́n bí èyí tó jáde nínú ààrò. Ẹni tó bá ń dáná èédú lè kó èédú pípọ́n díẹ̀ sórí ọmọrí irin ní ìṣẹ́jú 10 tó kẹ́yìn, ojú rẹ̀ yóò pọ́n dáadáa, ṣùgbọ́n ìta tàbí ibi tí afẹ́fẹ́ ń gbà ni kí ó ti ṣe é, kì í ṣe inú yàrá tí a ti ilẹ̀kùn àti fèrèsé rẹ̀.

Bí a ṣe ń mọ̀ pé ó jinná, àti bí a ṣe ń pín in

Etí rẹ̀ á ti kúrò lára páànù díẹ̀, àárín rẹ̀ kò ní mì mọ́ bí ẹ bá mi páànù, ọ̀bẹ tí ẹ bá sì tì bọ àárín rẹ̀ yóò jáde láìsí ẹyin tútù lára. Kò pọn dandan kí ọ̀bẹ náà gbẹ táútáú. Óòtì máa ń bá a lọ láti mu omi lẹ́yìn tí a bá ti gbé e kúrò lórí iná, ìdí nìyẹn tí ẹ fi gbọ́dọ̀ fi í sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú 10 kí ẹ tó gé e. Bí ẹ bá gé e ní kété tó jáde, yóò fọ́, ẹ ó sì rò pé kò jinná.

Bí a bá ṣírò gbogbo rẹ̀, pípò, ìsinmi, yíyan àti títutù, ààrò á gba nǹkan bíi wákàtí kan àti ìṣẹ́jú 20, ìkòkò oníyanrìn á gbà tó wákàtí kan àti ààbọ̀. Ṣùgbọ́n ọwọ́ yín kò ní wà lẹ́nu rẹ̀ ju ìṣẹ́jú 10 tàbí 15 lọ. Ìyókù ni ẹ lè fi wẹ ọmọ, kí ẹ sì múra.

Ẹ gé e sí ọ̀nà mẹ́fà. Mílíìkì lílọ́wọ́ọ́wọ́ díẹ̀ lé e lórí dára fún àwọn àgbà tí wọn kò fẹ́ ohun gbígbẹ, àwọn ọmọ sì lè fi ọwọ́ mú tiwọn. Èyí tó bá máa lọ sí ilé-ìwé, ẹ jẹ́ kí ó tutù pátápátá kí ẹ tó dì í, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ yóò làágùn nínú ọ̀rá. Nítorí ẹyin àti mílíìkì inú rẹ̀, àárọ̀ ni kí ọmọ jẹ ẹ́, kì í ṣe lẹ́yìn tí ilé-ìwé bá parí.

Bí ó bá gbẹ jù nígbà àkọ́kọ́, ẹ fi mílílítà 60 kún mílíìkì nígbà mìíràn. Bó bá rọ̀ jù, ẹ dín in kù ní ìwọ̀n kan náà, kí ẹ má sì yí ohun mìíràn padà títí ẹ ó fi mọ ìwọ̀n tó bá páànù yín àti iná yín mu. Èyí tó bá ṣẹ́kù lè lo ọjọ́ mẹ́ta nínú fíríìjì tó tutù dáadáa. Ẹ fi bọ́tà díẹ̀ sínú páànù ìdíndódò, kí ẹ gbé e lé iná tó rọra ń jó, kí ẹ sì yí i padà lẹ́ẹ̀kan. Ara rẹ̀ yóò le díẹ̀ ní ìta, inú yóò sì rọ̀, èmi sì fẹ́ràn rẹ̀ bẹ́ẹ̀ ju ti ọjọ́ àkọ́kọ́ lọ.